Nígbà tí ìwé ìgbèjà bá pẹ́ dé kóòtù

Ní Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìpínlẹ̀ Èkó, ọjọ́ 42 ni olùjẹ́jọ́ ní láti fi ìwé ìgbèjà rẹ̀ sílẹ̀ lẹ́yìn tí ìwé ìpẹ̀jọ́ bá ti tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. Létí, ọ̀sẹ̀ mẹ́fà pọ̀. Ṣùgbọ́n mo ti mọ bí wọ́n ṣe máa ń tán. Ọ̀sẹ̀ kìíní, ìwé náà á wà nínú dúróà. Ọ̀sẹ̀ kejì àti ìkẹta, wọ́n á máa wá àgbààgbà tó máa bá wọn bẹ olùpẹjọ́ nílé. Owó lọ́yà á jẹ ọ̀sẹ̀ méjì mìíràn. Nígbà tí lọ́yà bá fi máa béèrè rìsíìtì àti ìwé ilẹ̀, gbèdéke ti kọjá.

Iṣẹ́ mi ni kíkọ ìwé ẹ̀bẹ̀ fún àfikún àsìkò fún irú àwọn bẹ́ẹ̀. Nígbà mìíràn sì rèé, ìhà kejì ni mo máa ń wà, tí mo ń sọ fún adájọ́ pé kó má gbà wọ́n. Láti ìhà méjèèjì, ohun kan náà ni mo ń rí: pípẹ́ fúnra rẹ̀ kì í sábà ba ẹjọ́ jẹ́. Ohun tó ń bà á jẹ́ ni kí ènìyàn pẹ́, kó tún wá síwájú adájọ́ lọ́wọ́ òfo.

Agbára wà lọ́wọ́ adájọ́ láti fi kún àsìkò. Òfin ìlànà ilé-ẹjọ́ gíga kọ ọ́ sílẹ̀ pé adájọ́ lè sún gbèdéke síwájú, ìbáà jẹ́ kí ọjọ́ tó pé tàbí lẹ́yìn tó ti kọjá, iye ìgbà tó bá rí i pé ó yẹ. Abala 36 nínú ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999 náà fún olúkúlùkù ní ẹ̀tọ́ pé kí a gbọ́ tẹnu rẹ̀. Àwọn adájọ́ wa mọ̀ pé agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni, wọn kì í sì í fẹ́ kí orúkọ yẹn lẹ̀ mọ́ wọn lára. Ṣùgbọ́n abala 36 yẹn kan náà sọ pé láàárín àsìkò tó bójú mu ni kí ìgbẹ́jọ́ wáyé, olùpẹjọ́ sì ni ọ̀rọ̀ yẹn ń gbè. Ẹjọ́ Ratnam àti Cumarasamy, tó ti Malaysia dé iwájú Privy Council, ìgbìmọ̀ adájọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ní Lọ́ńdọ̀nù, ni àwọn lọ́yà wa máa ń tọ́ka sí níbi báyìí. Kókó rẹ̀ ni pé òfin ìlànà wà fún títẹ̀lé, àti pé ẹni tó bá fẹ́ kí a sún àsìkò síwájú gbọ́dọ̀ gbé ohun kan síwájú adájọ́ tí adájọ́ lè fi òye rẹ̀ wò. Bí kò bá sí ohun kankan níwájú rẹ̀, kò sí ohun tó máa fi òye wò.

Kí n tó lọ jìnnà, gbèdéke tí òfin ìlànà kóòtù fi lélẹ̀ nìkan ni adájọ́ lè sún báyìí. Èyí tí ìwé òfin orílẹ̀-èdè bá fúnra rẹ̀ dè, kò sí ẹ̀bẹ̀ tó lè tú u. Ọjọ́ 180 tí abala 285 fún ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ ìdìbò láti fi dájọ́ kò ṣeé fi ìṣẹ́jú kan kún. Ẹni tó bá ti mọ́ lára láti máa tọrọ àfikún àsìkò nínú ẹjọ́ ilẹ̀ àti ẹjọ́ gbèsè kò gbọ́dọ̀ gbé àṣà náà lọ síbẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí á ka ọjọ́ dáadáa. Ọjọ́ tí akódà kóòtù mú ìwé dé kò sí nínú kíkà. Ọjọ́ kejì ni a ti ń bẹ̀rẹ̀. Ká ní ìwé tẹ ènìyàn lọ́wọ́ ní ọjọ́ Ajé, ọjọ́ 3 oṣù kẹta 2025. Ọjọ́ 4 ni ọjọ́ kìíní, ọjọ́ 14 oṣù kẹrin sì ni ọjọ́ kejìlélógójì, ọjọ́ Ajé náà ni. Nítorí pé ọ̀sẹ̀ mẹ́fà pérépéré ni ọjọ́ 42, irú ọjọ́ kan náà nínú ọ̀sẹ̀ tí ìwé dé ni gbèdéke máa ń bọ́ sí. Èyí ló ń dá wàhálà sílẹ̀ fún ẹni tí ìwé dé ọwọ́ rẹ̀ ní ọjọ́ Sátidé, nítorí pé ọjọ́ ìsinmi àti ọjọ́ àìkú ni òfin kà léèwọ̀ fún fífi ìwé jíṣẹ́ bí adájọ́ kò bá fàyè gbà á. Sátidé kò sí níbẹ̀. Interpretation Act, òfin tó ń sọ bí a ṣe ń túmọ̀ àwọn òfin yòókù, sọ ní abala 15 pé bí ọjọ́ ìkẹyìn bá bọ́ sí ọjọ́ ìsinmi, ó di ọjọ́ kejì. Ṣùgbọ́n ọjọ́ àìkú àti ọjọ́ ìsinmi tí ìjọba kéde nìkan ni òfin yẹn pè ní ọjọ́ ìsinmi. Rẹ́jísírì, ọ́fíìsì kóòtù tó ń gba ìwé, á ti tì ní Sátidé, ọjọ́ á sì máa lọ. Ní tèmi, bí gbèdéke bá bọ́ sí Sátidé, ọjọ́ Ẹtì ni mo máa ń kà á sí. Nǹkan kan tún wà tó ń ran ènìyàn lọ́wọ́: ní Èkó, àsìkò ìwé ìgbèjà kì í lọ nígbà ìsinmi ọdọọdún àwọn adájọ́, àyàfi bí adájọ́ bá pàṣẹ pé kó máa lọ. Mo ti rí lọ́yà tó ń bẹ̀bẹ̀ fún àwọn ọjọ́ tí kò jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè, nítorí pé kò yọ ọjọ́ ìsinmi yẹn kúrò.

Owó ìjáfara ńkọ́? Òfin ìlànà Èkó ti 2004, tí òmíràn ti rọ́pò rẹ̀ báyìí, fi naira 200 lé orí ọjọ́ kọ̀ọ̀kan tí ènìyàn bá fi pẹ́. Iye yìí ń yàtọ̀ láti ilé-ẹjọ́ kan sí èkejì, ó sì ń yí padà bí òfin ìlànà bá ṣe ń yí padà, nítorí náà ẹni tó ń gba owó ní rẹ́jísírì ni kí ẹ béèrè lọ́wọ́ rẹ̀. Bí olùjẹ́jọ́ tí mo fi ṣe àpẹẹrẹ bá wá fi ìwé sílẹ̀ ní ọjọ́ 6 oṣù karùn-ún 2025, ó ti fi ọjọ́ 22 pẹ́. Ká ní naira 200 ṣì ni, naira 4,400 ni. Bí ó bá jẹ́ pé kò tíì fi ìwé ìfarahàn sílẹ̀ náà, ìyẹn ìwé tí olùjẹ́jọ́ fi ń sọ fún kóòtù pé òun máa wá jẹ́jọ́, ìyẹn ní owó ìjáfara tirẹ̀ lọ́tọ̀. Ibi tí àwọn ènìyàn ti ń ṣì í gbọ́ ni pé wọ́n rò pé bí àwọn bá ti san owó yìí, tí rẹ́jísírì lu òǹtẹ̀, ọ̀rọ̀ ti parí. Kò tíì parí. Owó ni rẹ́jísírì gbà. Àṣẹ ni adájọ́ ń fúnni. Bí owó náà kò bá sì pé, lọ́yà kejì á dìde, á ní ìwé tí kò sanwó kò tíì wọlé. Ẹ so rìsíìtì owó ìjáfara mọ́ ìwé ẹ̀bẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí. Ìyẹn máa ń pa ọ̀pọ̀ ariwo lẹ́nu.

Ìwé ẹ̀bẹ̀ fúnra rẹ̀ kò gùn. Bí ìwé ìgbèjà kò bá tíì wọlé, ohun kan ni ẹ ń tọrọ: kí adájọ́ sún àsìkò síwájú kí ẹ lè fi í sílẹ̀, ẹ ó sì so ẹ̀dà èyí tí ẹ fẹ́ fi sílẹ̀ mọ́ ọn. Bí ó bá ti wọlé lẹ́yìn gbèdéke, ohun méjì ni: kí adájọ́ sún àsìkò síwájú, kó sì tún pàṣẹ pé kí a ka ìwé tó ti wà nílẹ̀ sí èyí tó wọlé tó sì dé ọwọ́ olùpẹjọ́ bó ṣe yẹ. Ẹni tó bá gbàgbé èkejì á gba àsìkò tuntun, ìwé àtijọ́ rẹ̀ á sì ṣì wà ní ipò àìtọ́. Bí ìwé ìfarahàn náà bá pẹ́, ẹ dárúkọ rẹ̀ nínú ẹ̀bẹ̀ kan náà. Ìwé ìbúra àti àròyé lọ́yà tí a kọ sílẹ̀ ló máa ń tẹ̀ lé e. Ní Èkó, ọjọ́ 7 ni ẹni kejì ní láti fèsì.

Ìwé ìbúra yìí ni mo fẹ́ dúró lé lórí, nítorí pé ibẹ̀ ni wọ́n ti ń pàdánù. Mo máa ń pín àsìkò tó kọjá sí mẹ́ta: láti ọjọ́ tí ìwé dé títí di ọjọ́ gbèdéke, láti gbèdéke títí di ọjọ́ tí olùjẹ́jọ́ tàbí lọ́yà rẹ̀ mọ̀ pé àwọn ti pẹ́, àti láti ọjọ́ tí wọ́n mọ̀ títí di ọjọ́ tí wọ́n fi ìwé ẹ̀bẹ̀ sílẹ̀. Ìpín kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ ní ọjọ́ àti ìdí. Gbogbo ènìyàn ló máa ń ṣàlàyé ìpín kìíní dáadáa: àìsàn, ìrìnàjò, òkú. Díẹ̀ ló ń rántí ìpín kẹta. Adájọ́ á wò ó pé olùjẹ́jọ́ kúrò ní ilé ìwòsàn ní ọjọ́ 20 oṣù kẹrin, ìwé ẹ̀bẹ̀ sì wọlé ní ìparí oṣù kẹfà. Á béèrè pé kí ló ṣẹlẹ̀ láàárín. Bí ìwé ìbúra kò bá sọ nǹkan kan, lọ́yà kò lè fi ẹnu sọ ọ́ dípò rẹ̀. Àròyé lọ́yà kì í ṣe ẹ̀rí.

Ìdí kọ̀ọ̀kan ní ohun tó ń gbè é lẹ́sẹ̀. Àìsàn nílò ìwé ilé ìwòsàn tó ní ọjọ́ ìwọlé àti ọjọ́ ìjáde. Ìwé tó kàn ní “ó ń gba ìtọ́jú lọ́wọ́ wa” kò ran ẹnikẹ́ni lọ́wọ́. Ìrìnàjò nílò ojú ewé páásìpọ́ọ̀tù tí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí. Lọ́yà àkọ́kọ́ tó gbé ẹjọ́ sílẹ̀ nílò lẹ́tà rẹ̀. Ìyanṣẹ́lódì àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù, irú èyí tí ẹgbẹ́ wọn, JUSUN, ṣe láti oṣù kẹrin sí oṣù kẹfà 2021, kò nílò ẹ̀rí púpọ̀ nítorí pé adájọ́ fúnra rẹ̀ wà nílé nígbà náà. Ohun tó ń fẹ́ ẹ̀rí ni ọjọ́ mélòó tí ẹ fi dúró lẹ́yìn tí rẹ́jísírì ṣí. Ìjíròrò láti yanjú ọ̀rọ̀ nítùbí-ìnùbí jẹ́ ìdí tó dára bí lẹ́tà tàbí àtẹ̀jíṣẹ́ bá wà tó fi hàn pé ẹni kejì náà ń bá a sọ ọ́. Kí a tó so ìyẹn mọ́ ìwé ìbúra, kí lọ́yà yọ gbólóhùn tí ẹ fi jẹ́wọ́ gbèsè tàbí tí ẹ fi dá iye owó, torí pé ọ̀rọ̀ ìlàjà kò yẹ ní gbangba kóòtù.

Ta ló yẹ kó búra? Ẹni tí ọ̀rọ̀ ṣojú rẹ̀. Àṣà wa ni kí akọ̀wé lọ́yà máa búra fún gbogbo nǹkan: “lọ́yà wa sọ fún mi, mo sì gbà á gbọ́.” Abala 115 nínú Evidence Act (òfin ẹ̀rí) ti 2011 fàyè gba ohun tí a gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíràn, ṣùgbọ́n ó ní kí a dárúkọ ẹni tó sọ ọ́, kí a sọ àsìkò, ibi àti bó ṣe jẹ́. Ó tún ní kí a má fi àríyànjiyàn òfin, àdúrà tàbí ìparí-èrò sínú rẹ̀. “Olùjẹ́jọ́ ní ìgbèjà tó lágbára” jẹ́ ìparí-èrò. Adájọ́ lè pa á rẹ́. “Olùjẹ́jọ́ san naira mílíọ̀nù 5 sínú àkáǹtì olùpẹjọ́ ní ọjọ́ báyìí, ìwé báńkì nìyí” jẹ́ òtítọ́ tí a lè gbé wò.

Bí ẹ̀bi bá jẹ́ ti lọ́yà, kí ó sọ ọ́ ní tààrà. Láti ìgbà ẹjọ́ Bowaje àti Adediwura ní 1976, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé kò yẹ kí a fi àṣìṣe lọ́yà jẹ oníbàárà níyà. Àwọn adájọ́ sì ti ń tẹnu mọ́ ọn láti ìgbà yẹn pé ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọfọ̀ tí a kàn ń pè. “Iṣẹ́ pọ̀ lọ́wọ́ lọ́yà” kì í ṣe àṣìṣe. Ìwà lásán ni. Àṣìṣe ni pé akọ̀wé kọ ọjọ́ tí ìwé dé sí 13 dípò 3, ẹ̀dà ìwé àkọsílẹ̀ rẹ̀ sì nìyí. Adájọ́ á tún wo ohun tí oníbàárà ṣe ní tirẹ̀: ṣé ó ń pe lọ́yà, ṣé ó ń wá sí ọ́fíìsì, tàbí ó sùn lọ?

Ìwé ìgbèjà tí ẹ so mọ́ ọn ni adájọ́ máa ń ṣí lẹ́yìn ìyẹn. Kò ní dájọ́ lórí rẹ̀ nígbà yìí, ṣùgbọ́n á wò ó bóyá ohun kan wà níbẹ̀ tó yẹ kí á gbọ́. Ìwé tó kàn ń sọ pé “olùjẹ́jọ́ kò mọ̀, kò sì lè sọ bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́” kò tó; ẹjọ́ Lewis & Peat àti Akhimien ti 1976 ti pa irú rẹ̀ tì gẹ́gẹ́ bí sísẹ́. Ó gbọ́dọ̀ bá àwọn ọ̀rọ̀ olùpẹjọ́ fà á ní ẹsẹ-ẹsẹ. Ó sì gbọ́dọ̀ pé: àkójọ orúkọ ẹlẹ́rìí, ọ̀rọ̀ ẹlẹ́rìí tí wọ́n búra sí, ẹ̀dà àwọn ìwé tí ẹ fẹ́ lò. Ẹ kíyè sí ìbúra ẹlẹ́rìí yẹn. Iwájú ẹni tí òfin fún láṣẹ láti gba ìbúra ni kí ẹlẹ́rìí ti fọwọ́ sí i, kì í ṣe lórí tábìlì lọ́yà kí a wá gbé ìwé lọ lu òǹtẹ̀. Bí ẹlẹ́rìí bá jẹ́wọ́ èyí nígbà ìbéèrè, gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ lè dànù.

Ìfọwọ́sí pẹ̀lú. Ní 2007, nínú ẹjọ́ Okafor àti Nweke, ẹ̀bẹ̀ fún àfikún àsìkò gan-an ló wà níwájú Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ. Orúkọ ilé-iṣẹ́ lọ́yà ni wọ́n fi fọwọ́ sí ìwé náà, kì í ṣe orúkọ lọ́yà kan pàtó tí orúkọ rẹ̀ wà nínú ìwé àkọsílẹ̀ àwọn agbẹjọ́rò. Wọ́n gbé ìwé náà sọnù láìwo bí ìdí rẹ̀ ti dára tó. Èdìdì ẹgbẹ́ agbẹjọ́rò tí kò sí lórí ìwé kò burú tó bẹ́ẹ̀, a lè padà wá fi sí i. Àìsí orúkọ lọ́yà ni kò ní àtúnṣe.

Ohun mìíràn tí adájọ́ ń wò ni ìpalára fún olùpẹjọ́. Bí ìgbẹ́jọ́ kò bá tíì bẹ̀rẹ̀, ìpalára rẹ̀ kò ju owó àti àkókò lọ, owó ìnáwó ẹjọ́ sì lè wò ó sàn. Bí ẹlẹ́rìí rẹ̀ kan ṣoṣo bá ti jẹ́rìí tán tó ti padà sókè òkun, tàbí tó ti kú, ọ̀rọ̀ yí padà. Nítorí náà, bí mo bá wà níhà olùpẹjọ́, n kì í fi àkókò ṣòfò sórí “ó ti pẹ́ jù”. Ohun tí mo máa ń kọ sínú ìwé ìbúra ìfèsì ni ohun tí pípẹ́ náà ti bà jẹ́, pẹ̀lú ọjọ́. Ẹni tí kò bá sì fèsì rárá ti gbà pé òtítọ́ ni gbogbo ohun tí ẹni kejì búra sí. Ẹ̀gẹ́ mìíràn tún wà níbẹ̀ fún olùpẹjọ́: bí ó bá ti rí ìwé ìgbèjà tó pẹ́, tó sì kọ èsì sí i láìjanpata, ó ti pẹ́ kó tó wá sọ pé ìwé náà kò tọ́. Àìtẹ̀lé ìlànà àsìkò jẹ́ àléébù tí a gbọ́dọ̀ tètè pariwo rẹ̀, kí a tó gbé ìgbésẹ̀ mìíràn.

Mo fẹ́ ya ẹnìkan sọ́tọ̀: ẹni tí ìwé kò dé ọwọ́ rẹ̀ rárá. Kí ó má tọrọ àfikún àsìkò. Ẹni tó bá ń tọrọ àsìkò ti gbà pé àsìkò ń lọ. Ẹ̀bẹ̀ tirẹ̀ ni pé kí adájọ́ pa ìfijíṣẹ́ náà rẹ́, àti ohunkóhun tí wọ́n bá ti kọ́ lé e lórí. Kí ó lọ sí rẹ́jísírì, kí ó gba ẹ̀dà ìwé ìbúra tí akódà kọ pé òun fi ìwé jíṣẹ́, kí ó wo àdírẹ́sì, ọjọ́ àti orúkọ ẹni tó gbà á. Bí adájọ́ bá ti pàṣẹ pé kí wọ́n lẹ ìwé mọ́ géètì ilé, lílẹ̀ yẹn ni ìfijíṣẹ́, kódà bí òjò bá fọ̀ ọ́ lọ.

Gbogbo ohun tí mo ń sọ bọ̀ jẹ́ ti ìgbà tí adájọ́ kò tíì dájọ́. Lẹ́yìn ìdájọ́, ilẹ̀kùn náà di tóóró. Bí gbèsè tí iye rẹ̀ dájú bá ni olùpẹjọ́ ń béèrè, tí kò sì sí ìwé ìgbèjà, ìdájọ́ ìkẹyìn ló lè gbà, láìsí ẹlẹ́rìí kankan. Bí ó bá jẹ́ owó ìbàjẹ́ tí a ní láti ṣírò, ó kù kí ó wá fi ẹ̀rí gbe iye náà. Bí ó bá ń fẹ́ kí kóòtù kéde pé òun ló ni ilẹ̀, àìsí ìgbèjà nìkan kò tó; láti ìgbà ẹjọ́ Bello àti Eweka ní 1981 ni a ti mọ̀ pé ẹ̀rí ni a fi ń gba ìkéde, a kì í fi ìdákẹ́jẹ́ ẹni kejì gbà á. Ìdí nìyí tí olùjẹ́jọ́ nínú ẹjọ́ ilẹ̀ fi máa ń ní àkókò díẹ̀ sí i ju onígbèsè lọ.

Ní ti pípa irú ìdájọ́ bẹ́ẹ̀ rẹ́, àwọn ohun tí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ tò sílẹ̀ nínú ẹjọ́ Williams àti Hope Rising ní 1982, àti Sanusi àti Ayoola ní 1992, ni gbogbo lọ́yà ń kọ́ lé: ìdí tí ènìyàn kò fi wá, bó ṣe tètè sáré wá lẹ́yìn ìdájọ́, ìpalára fún ẹni kejì, bóyá ìgbèjà náà kì í ṣe asán, àti ìwà rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀ ẹjọ́. Ṣùgbọ́n ẹ yẹ òfin ìlànà ilé-ẹjọ́ yín gan-an wò kí ẹ tó gbára lé ìwọ̀nyí. Òfin ìlànà Èkó ti 2004 kọ ọ́ pé ìdájọ́ àìsí ìgbèjà kò ṣeé pa rẹ́ àyàfi nítorí ẹ̀tàn, àìfi ìwé jíṣẹ́, tàbí pé kóòtù kò lágbára lórí ọ̀rọ̀ náà. Àìsàn kò sí níbẹ̀. Ẹni tó bá fi oṣù mẹ́ta ṣàìsàn lè rí àánú gbà ní àárọ̀ ọjọ́ ìdájọ́, kó má sì rí i gbà mọ́ ní ìrọ̀lẹ́.

Ní kóòtù àwọn gbèsè kéékèèké tí Èkó dá sílẹ̀ ní 2018, níbi tí owó kò gbọ́dọ̀ ju naira mílíọ̀nù 5 lọ, ọjọ́ 7 péré ni ẹ ní láti fi fọ́ọ̀mù ìgbèjà tí wọ́n ń pè ní SCA5 fèsì. Wọ́n dá kóòtù yẹn sílẹ̀ kí ọ̀rọ̀ lè yá ni, nítorí náà ẹ má retí irú sùúrù tí adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga ní.

Bí adájọ́ bá kọ ẹ̀bẹ̀ yín, ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn kì í tètè dá sí i. Wọn kò ní béèrè bóyá àwọn ì bá ṣe bẹ́ẹ̀. Wọ́n á béèrè bóyá adájọ́ tẹ̀lé ìlànà tí kò tọ́, tàbí ó gbójú fo ohun tó wà níwájú rẹ̀. Ọjọ́ 14 ni abala 24 nínú Court of Appeal Act fúnni láti pe ẹjọ́ lórí àṣẹ tí a pa láàárín ẹjọ́, ẹ sì máa gba ìyọ̀ǹda kóòtù kọ́kọ́ bí ọ̀rọ̀ náà kì í bá ṣe ti òfin nìkan. Ẹ gba ẹ̀dà àṣẹ náà tí kóòtù fọwọ́ sí ní ọjọ́ tí wọ́n bá pa á, kí ọjọ́ 14 yìí náà má baà tún kọjá lórí yín.